Kéèkì Bàbá Kúùkù Tí Kò Ní Fúláwà

Nígbà tí mo wà ní kékeré, tí mo ṣì wà ní ọjọ́ orí tí wọ́n ń rán ọmọ lọ ṣa fúrúùtù lábẹ́ igi, èékánná ọwọ́ mi kì í hù tán kó tó tún kán. Ẹ̀yin tí a jọ dàgbà ní apá Ìjerò, Àrámọ̀kọ́ àti Ẹ̀fọ̀n kò ní bi mí pé kí ni fúrúùtù. Igi ńlá tó máa ń wà nínú ọgbà ilé ìwé àti ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì ni, tí ewé rẹ̀ fẹ̀, tí àdán máa ń jẹ èso rẹ̀, tí àwa náà á wá ṣa ìyókù láàárọ̀. Ara èso náà pupa, ó dùn díẹ̀, ó kan díẹ̀, ó sì máa ń pa ahọ́n wa láró. Ọmọ ẹlòmíràn á jẹ ara rẹ̀ tán, á ju kóró rẹ̀ nù. Ní ilé tiwa, kóró yẹn gan-an ni a ń wá.

Ọ̀dọ̀ bàbá tó bí bàbá mi ni mò ń gbé, nítorí tíṣà ni bàbá àti ìyá mi, ìjọba sì ń gbé wọn kiri láti ìlú dé ìlú. Bàbá Àgbà ni èmi ń pè wọ́n, ṣùgbọ́n gbogbo Ìjerò ń pè wọ́n ní Bàbá Kúùkù. Àgbẹ̀ kòkó ni wọ́n nígbà tí mo mọ̀ wọ́n. Nígbà ọ̀dọ́ wọn, kúùkù ni wọ́n jẹ́ fún òyìnbó ará Ítálì kan tó wà lára àwọn tó ń la ọ̀nà láàárín òkè Ẹ̀fọ̀n. Ọdún mẹ́fà ni wọ́n fi se oúnjẹ fún un. Nígbà tí iṣẹ́ ọ̀nà parí, òyìnbó náà padà sílé rẹ̀, ohun méjì ló sì kù sí Bàbá Àgbà lọ́wọ́: páànù róbótó kan tí etí rẹ̀ ṣeé tú kúrò lára ìdí rẹ̀, àti kéèkì kan tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ ọ́n ṣe láti Ìjerò títí dé Ìkòrò. Òyìnbó náà ń pè é ní tọ́tà. Bàbá Àgbà náà ń pè é ní tọ́tà. Ará ìlú ní tiwọn ń pè é ní kéèkì dúdú.

Ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún ni wọ́n ń ṣe é, fún Ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì wa, ìpalẹ̀mọ́ rẹ̀ sì máa ń gba ọ̀sẹ̀ méjì gbáko. Kí n má purọ́ fún yín, àwa ọmọ àgbẹ̀ kòkó kò mọ̀ nígbà náà pé kòkó jẹ́ ohun jíjẹ, yàtọ̀ sí omi funfun tó dùn tí a máa ń lá lára kóró rẹ̀ nígbà tí a bá ṣẹ̀ṣẹ̀ fọ́ ọ. A ń sá a, a ń kó o wọlé bí òjò bá ṣú, a ń dì í sápò, ọkọ̀ á wá gbé e lọ. Ibi tó ń lọ kò kàn wá. Bàbá Àgbà nìkan ló máa ń yọ agbọ̀n kékeré kan sílẹ̀ nínú èyí tó gbẹ dáadáa, wọ́n á yan án nínú ìkòkò irin títí òórùn rẹ̀ á fi gba àdúgbò. Ẹni tó bá ń kọjá lọ sí odò á dúró, á fa òórùn yẹn símú, á béèrè pé ṣé Ìkórè ti dé ni.

Lẹ́yìn yíyan ni a ó bó èèpo rẹ̀, a ó gún un nínú odó, Ìyá Àgbà á sì wá lọ̀ ọ́ lórí ọlọ tí wọ́n gbé sí ẹ̀gbẹ́ iná kí ó lè lọ́ wọ́ọ́rọ́. Bí wọ́n ṣe ń lọ̀ ọ́ ni wọ́n á máa ráhùn pé iṣẹ́ òyìnbó ò tán lọ́rùn àwọn láti ìgbà tí òyìnbó ti lọ. Ṣùgbọ́n lẹ́ẹ̀kan náà ni ìyẹ̀fun kòkó yẹn á bẹ̀rẹ̀ sí í yọ epo, á di dúdú, á máa dán. Lọ́jọ́ kan mo jí ìka kan bọ̀ ọ́, mo sì lá a. Ó korò bí ewúro. Mo ṣe ojú bí ẹni tí kò jẹ nǹkan kan, ṣùgbọ́n dúdú tó wà létè mi ti rojọ́ mi.

Iṣẹ́ tèmi ni fúrúùtù. Àwọn ará Ítálì, gẹ́gẹ́ bí Bàbá Àgbà ṣe sọ, ní kóró tiwọn tí wọ́n ń lọ̀ sínú tọ́tà, inú agolo ló sì máa ń ti ìlú wọn wá fún òyìnbó náà. Lọ́dún kan agolo tán, ọkọ̀ òkun kò sì tètè dé. Bàbá Àgbà lọ jókòó sábẹ́ igi fúrúùtù, wọ́n fọ́ kóró rẹ̀, wọ́n tọ́ ọ wò, wọ́n sì fi ṣe tọ́tà láìsọ fún ẹnikẹ́ni. Òyìnbó jẹ ẹ́ tán, ó ní kí wọ́n má wulẹ̀ dúró de agolo mọ́. Mo ti gbọ́ ìtàn yìí tó ogún ìgbà kí n tó pé ọmọ ọdún mẹ́wàá, ojú Bàbá Àgbà sì máa ń tàn ní ibì kan náà nínú rẹ̀.

Àwa tí a ti fọ́ fúrúùtù rí mọ̀ pé kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu. Èèpo rẹ̀ le, ohun tó wà nínú rẹ̀ kò ju ìka ọwọ́ ọmọ ìkókó lọ. Ẹ ó gbé e lé òkúta kan, ẹ ó fi òmíràn lù ú ní ẹ̀gbẹ́. Bí ẹ bá lù ú jù, ó di ẹ̀tù; bí ẹ kò bá lù ú tó, ó fò lọ sí ojú ẹni tó jókòó síwájú yín. Agolo mílíìkì mẹ́rin ni Bàbá Àgbà ń fẹ́, kíkún. Òfin kan ṣoṣo ni wọ́n fún mi: mo gbọ́dọ̀ máa kọ orin ìsìn ní gbogbo ìgbà tí mo bá ń fọ́ ọ, kí wọ́n lè mọ̀ pé ẹnu mi kò jẹun. Bí orin bá dákẹ́ pẹ́nrẹ́n, ohùn wọn á jáde láti inú yàrá. "Àjíkẹ́, n ò gbọ́ orin." Ní ọdún kejì mo ti mọ bí a ṣe ń fi imú kọrin kí ẹnu ráyè. Wọ́n gbọ́ ìyàtọ̀ rẹ̀ lọ́jọ́ kẹta, wọ́n sì ní kí n kúnlẹ̀ kí n máa kọ ọ́ lọ.

Ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn èyí ni ẹnikẹ́ni kò rí. Ọ̀sán Sátidé tó ṣáájú Ìkórè, Bàbá Àgbà á wọ ilé ìdáná, wọ́n á ti ilẹ̀kùn. Ìyá Àgbà gan-an kì í wọlé. Ohun tí a máa ń gbọ́ ni ariwo ìjábẹ̀ tuntun tí wọ́n fi ń po ẹyin, ṣàṣàṣàṣà, tí kò dáwọ́ dúró. Nígbà tó bá yá, wọ́n á jáde wá gbé ìkòkò ńlá tí iyanrìn wà nínú rẹ̀ kaná, wọ́n á gbé páànù sínú rẹ̀, wọ́n á dé e, wọ́n á sì kó ẹyin iná lé ọmọrí rẹ̀. Lẹ́yìn wákàtí kan, tọ́tà jáde. Kò ga. Àárín rẹ̀ á ti rì díẹ̀, orí rẹ̀ á ti sán bí ilẹ̀ ọgbà nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, wọ́n á wá gbọn ṣúgà tí wọ́n lọ̀ kúnná lé e kó lè bo ojú ibi tó sán. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá fi í sẹ́nu! Òkè rẹ̀ á fọ́ wẹ́wẹ́ lábẹ́ eyín, inú rẹ̀ á rọ̀, á tutù, á lẹ̀ mọ́ òkè ẹnu. Kíkorò kòkó á kọ́kọ́ dé, adùn ṣúgà á tẹ̀lé e, kóró fúrúùtù á wá kẹ́yìn pẹ̀lú òórùn yíyan rẹ̀. N kò tíì jẹ ohun tó dà bí i rẹ̀, mo sì ti jẹ nǹkan.

Nínú gbọ̀ngàn ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n ti ń gé e lẹ́yìn ìsìn, sí wẹ́wẹ́ kó lè kárí. Ọ̀rẹ́ Bàbá Àgbà kan wà tó jẹ́ wọ́dìn ìjọ, tí a ń pè ní Bàbá Wọ́dìn, ẹgbẹ́ wọn ni, wọ́n jọ ń rí ara wọn lójoojúmọ́. Òun ló ń gé e, gbogbo ọdún ló sì máa ń na ọ̀bẹ sí i pé, "Kúùkù, kéèkì rẹ tún ti wó." Gbogbo ènìyàn á rẹ́rìn-ín. Bàbá Àgbà á dáhùn pé, "Wó o lulẹ̀ sínú ikùn rẹ." Bí kò bá sí ọ̀rọ̀ yìí, Ìkórè kò tíì bẹ̀rẹ̀.

Ní ọdún tí mo pé ọmọ ọdún mọ́kànlá, Bàbá Àgbà bẹ̀rẹ̀ sí í gbàgbé nǹkan. Wọ́n á máa wá fìlà tó wà lórí wọn. Wọ́n á fi orúkọ àbúrò wọn tó ti kú pè mí. Lọ́jọ́ kan wọ́n bu iyọ̀ sí tíì, wọ́n sì mu ún tán láìsọ nǹkan kan, bóyá nítorí ìtìjú. Ìyá Àgbà kó àwa ọmọ ilé jọ sí ẹ̀yìnkùlé, wọ́n rẹ ohùn sílẹ̀. "Bàbá yín ti ń gbàgbé nǹkan nínú ulé yìí," ni wọ́n wí. "Bí wọ́n bá gbàgbé, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ ọ́ sí wọn lójú. Ẹ rọra bá wọn ṣe é, kí ẹ sì panu mọ́."

A gbọ́, a sì ń ṣe é. Bí wọ́n bá gbàgbé láti ti ilẹ̀kùn ewúrẹ́, a ó yọ́ lọ tì í. Bí wọ́n bá gbé àdá sí ibi tí kò yẹ, a ó gbé e padà. Bí wọ́n bá wọ bàtà ọ̀tún sí ẹsẹ̀ òsì, ẹnì kan nínú wa á sọ pé òun fẹ́ bá wọn nu bàtà. Ẹ̀yin náà mọ bí ó ṣe rí nígbà yẹn. Ọmọ tó bá là á mọ́ àgbàlagbà lójú pé ó gbàgbé nǹkan, àbàrá ni yóò kọ́kọ́ gbà kó tó gba èsì. Nítorí náà, ohun tí Ìyá Àgbà wí kò ṣe wá ní kàyéfì. Ìwà ọmọlúàbí lásán ni lójú tiwa, mo sì mọ̀ ọ́n ṣe ju gbogbo àwọn yòókù lọ.

Ọdún yẹn náà ni ojú wọn bẹ̀rẹ̀ sí í ṣú, wọn kò ríran dáadáa mọ́. Nígbà tí Ìkórè kù dẹ̀dẹ̀, wọ́n pè mí, wọ́n ní èmi ni n ó bá àwọn po tọ́tà, àwọn á jókòó lórí àpótí, àwọn á máa sọ fún mi. Wọ́n fi ọwọ́ kan páànù róbótó tó wà lórí ìṣó lára ògiri. "Bí o bá ṣe é bí mo ṣe wí, ìwọ lo ni páànù yìí lọ́jọ́ tí n ò bá lè gbé e mọ́." Ẹ̀yin ará, mo ga sí i lọ́jọ́ yẹn. Mo sọ fún gbogbo kíláàsì wa. Nínú gbogbo ọmọ-ọmọ wọn, mo di ẹni àkọ́kọ́ tí yóò wọ ilé ìdáná tí wọ́n ti ilẹ̀kùn rẹ̀.

Àṣìṣe mi sì ti wà nílẹ̀ ń dúró dè mí láti ilé ìwé. Tíṣà tó ń kọ́ wa ní oúnjẹ sísè ti kọ ọ́ sójú pátákó pé nǹkan mẹ́rin ni kéèkì: fúláwà, bọ́tà, ṣúgà, ẹyin. Ó ní kí a máa kà á tẹ̀lé òun. Mo gba mẹ́wàá nínú mẹ́wàá nínú ìdánwò rẹ̀. Ọmọ tó bá ti gba mẹ́wàá nínú mẹ́wàá rí mọ bí ìmọ̀ ṣe máa ń wúwo lórí ẹni.

Ọ̀sán Sátidé dé. Bàbá Àgbà jókòó lórí àpótí, wọ́n gbé ọwọ́ lé orúnkún, wọ́n ń pe nǹkan, mo ń bù ú. Mo po bọ́tà mọ́ ṣúgà títí ó fi funfun. Mo da pupa ẹyin sí i lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo da kòkó tí Ìyá Àgbà lọ̀ sí i, mo da fúrúùtù lílọ̀ sí i. Mo fi ìjábẹ̀ po funfun ẹyin lọ́tọ̀ títí apá fi ń ro mí, tó fi dìde dúró bí ọṣẹ tó hó. Mo rọra dà á pọ̀ mọ́ ìyókù bí wọ́n ṣe ní kí n dà á. Gbogbo ìgbà yìí ni mò ń retí fúláwà. Bàbá Àgbà wá sọ pé, "Ó yá, dà á sínú páànù."

Mo wo ojú wọn. Ojú ẹni tí nǹkan gbogbo pé lọ́wọ́ rẹ̀ ni. Àánú wọn ṣe mí débi pé omi fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lójú mi, nítorí mo rò ó pé ìgbàgbé ti dé orí tọ́tà náà báyìí. Mo ro bí gbogbo ìjọ ṣe máa rẹ́rìn-ín lọ́la, èyí tí kì í ṣe ẹ̀rín eré. Wọ́n dìde, wọ́n fi ọwọ́ tọ ògiri jáde lọ wo ẹyin iná. Fúláwà tí Ìyá Àgbà fẹ́ fi dín pọ́ọ̀fù-pọ́ọ̀fù wà lórí àga ní ẹ̀gbẹ́ mi. Mo bu ife méjì. Mo fi ṣíbí pọ́dà kéèkì kan lé e kó lè wú dáadáa. Mo pò ó kánkán, mo dà á sínú páànù, mo nu àga. Nígbà tí Bàbá Àgbà padà wọlé, ọmọ rere ni wọ́n bá lórí ìdúró.

Tọ́tà náà wú. Ó ga ju etí páànù lọ. Mo gbọn ṣúgà lé e, mo fi aṣọ bò ó kí ọwọ́ wọn tó kàn án. Wọ́n bi mí pé, "Ṣé orí rẹ̀ sán?" Mo dáhùn pé, "Ó dára gan-an, Bàbá." Irọ́ kọ́ ni mo pa, ṣùgbọ́n òótọ́ náà kọ́ ni mo sọ.

Ní ọjọ́ Ìkórè, nígbà tí wọ́n ṣí aṣọ kúrò lórí rẹ̀, àwọn obìnrin tó wà ní gbọ̀ngàn ṣe háà. Bàbá Wọ́dìn yí i ká pẹ̀lú ọ̀bẹ lọ́wọ́. "Kúùkù," ni wọ́n wí, "ọdún yìí lo wá ṣe kéèkì gidi." Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún Bàbá Àgbà. Mo wà lẹ́yìn wọn, inú mi ń dùn, mo ń sọ fún ara mi pé bí kì í bá ṣe tèmi ni. Lẹ́yìn náà ni wọ́n fi ègé tiwọn lé Bàbá Àgbà lọ́wọ́. Wọ́n jẹ ẹ́. Ẹnu wọn dúró. Wọ́n tún jẹ ẹ́ lẹ́ẹ̀kejì, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tó ń wá nǹkan nínú òkùnkùn yàrá. Wọ́n gbé èyí tó kù sílẹ̀ lórí àwo, wọ́n gbé ọ̀pá wọn, wọ́n ń lọ sílé. Iyán tó kún àwo lọ́sàn-án yẹn, wọn kò fọwọ́ kàn án.

Ní Ọjọ́ Ajé wọ́n yọ páànù kúrò lórí ìṣó, wọ́n gbé e fún Ìyá Àgbà pé kí wọ́n máa fi bu omi fún adìẹ. "Ó ti tán lórí mi," ni wọ́n wí. "Ohun tí mo rò pé n ò lè gbàgbé láé, mo ti gbàgbé ẹ̀. Mo jẹ ẹ́, n ò mọ̀ ọ́n mọ́." Wọn kò lọ sí oko lọ́jọ́ náà. Wọn kò lọ kí Bàbá Wọ́dìn. Ní Ọjọ́bọ̀ wọ́n ránṣẹ́ sí bàbá mi pé kó wá ní Sátidé wá gba oko kòkó, kó wá mọ ààlà rẹ̀, nítorí orí àwọn kò pé mọ́, kí àwọn má baà lọ sọnù síbẹ̀ lọ́jọ́ kan.

Mo jókòó sẹ́yìn ilé, mo ń wo adìẹ tó ń mu omi nínú páànù mi. Kì í ṣe páànù ló ń dùn mí mọ́ nígbà náà. Ohun tó ń dùn mí ni pé ọkùnrin tí kò ṣe àṣìṣe kankan jókòó sínú yàrá, ó ń kó ayé rẹ̀ fún ọmọ rẹ̀ nítorí ife fúláwà méjì, èmi nìkan ni mo sì mọ̀. Bí mo bá sọ ọ́, mo ti jẹ̀bi lẹ́ẹ̀mẹta: mo ṣe ohun tí wọn kò rán mi, mo tan wọ́n jẹ, mo sì máa tú àṣírí Ìyá Àgbà. Bí n kò bá sọ ọ́, bàbá mi ń bọ̀ ní Sátidé.

Ọjọ́ Ẹtì, bí mo ṣe ti ilé ìwé dé, mo da omi adìẹ nù, mo fi eérú fọ páànù náà títí ó fi ń dán, mo gbé e lọ bá wọn níwájú ilé. Mo kúnlẹ̀. Mo ní, "Bàbá, ẹ kò gbàgbé nǹkan kan. Èmi ni mo bu fúláwà sí i."

Wọ́n yí ojú sí mi. "Fúláwà?"

"Ife méjì, Bàbá. Àti pọ́dà."

"Ta ló ní kí o bù ú?"

"Kò sí ẹnì kan. Mo rò pé ẹ gbàgbé ni."

"Kí ló dé tí o ò bi mí?"

Ìbéèrè tó le jù nìyẹn. Mo sọ fún wọn ohun tí Ìyá Àgbà sọ fún wa, mo sọ ti ilẹ̀kùn ewúrẹ́, mo sọ ti àdá, mo sọ ti bàtà. Mo ń sọ ọ́, mo ń sunkún. Bàbá Àgbà pe Ìyá Àgbà jáde. Wọ́n wá pẹ̀lú ẹ̀fọ́ lọ́wọ́, wọ́n rí mi lórí ìkúnlẹ̀, wọ́n rí páànù, ó sì yé wọn. "Ṣé bí ẹ ṣe ń tọ̀ mí lẹ́yìn bí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn nìyí nínú ulé yìí?" ni Bàbá Àgbà béèrè. Ìyá Àgbà ní àwọn kò fẹ́ kí ojú tì wọ́n ni. Bàbá Àgbà wo àwa méjèèjì. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi ń bọ́ lójú wọn, n kò sì mọ ìgbà tí ẹ̀rín náà di ẹkún gan-an. Wọ́n ń tún un sọ ṣáá pé, "Kì í ṣe orí mi. Kì í ṣe orí mi."

Nígbà tí ọkàn wọn balẹ̀, wọ́n sọ ìtàn kan fún mi tí wọn kò sọ fún ẹnikẹ́ni rí, bóyá nítorí pé inú rẹ̀ ni àṣírí tọ́tà wà. Òyìnbó náà ló sọ ọ́ fún wọn. Ó ní ní ìlú kan tó wà láàárín òkun ní ilẹ̀ àwọn, kúùkù kan ń ṣe kéèkì fún àlejò pàtàkì, ìkánjú bá a, ó gbàgbé láti bu fúláwà sí i. Ó ti gbé e jáde nínú iná kó tó rántí. Àlejò jẹ ẹ́ tán, wọ́n ní kó tún ṣe òmíràn. "Ẹni tó gbàgbé fúláwà ló ṣe tọ́tà," ni Bàbá Àgbà wí. "Ìwọ tó rántí ẹ̀ lo bà á jẹ́."

Lẹ́yìn náà ni wọ́n ṣòfin. Láti ọjọ́ yẹn lọ, ẹni tó bá rí i pé wọ́n gbàgbé nǹkan gbọ́dọ̀ sọ ọ́ fún wọn, tọkọ tìyàwó, tọmọdé tàgbà. Ìyá Àgbà ní ṣé ọmọdé á wá máa sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lójú àgbà. Bàbá Àgbà ní kó máa sọ ọ́, kó sì kúnlẹ̀ sọ ọ́ bó bá wù ú, ṣùgbọ́n kó sọ ọ́.

Ẹ má rò pé mo lọ láìjìyà, ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìwé yìí. Mo gbé ọwọ́ mi méjèèjì sókè lórí ìkúnlẹ̀ títí ewúrẹ́ aládùúgbò fi lọ tó fi bọ̀. Lẹ́yìn ìyẹn wọ́n ní kí n dìde kí n lọ wá agolo fúrúùtù mẹ́rin mìíràn, ìgbà rẹ̀ sì ti ń tán lọ. Mo dé ọgbà ilé ìwé, mo dé ọgbà ìjọ Mẹ́tọ́díìsì, mo bẹ àwọn ọmọ tí mo ti bú rí. Mo fọ́ ọ tán ní àárọ̀ Sátidé, mo sì kọrin jálẹ̀ rẹ̀ láìfi imú kọ ọ́.

Nígbà tí bàbá mi dé lọ́sàn-án, ó ti tún ojú rẹ̀ ṣe bí ẹni tó fẹ́ gba ọ̀rọ̀ ìkẹyìn. Tọ́tà tí a fi ìyókù kòkó pò láàárọ̀ yẹn ló bá lórí tábìlì. Ó rì láàárín, ó sán lórí, Bàbá Àgbà sì ń fi ìka tọ ojú ibi tó sán bí ẹni tó ń kàwé. Bàbá mi jẹ ègé méjì, ó bèèrè oko, wọ́n ní oko wo. Bàbá Wọ́dìn náà yà wọlé nígbà tó gbọ́ òórùn. Wọ́n na ìka sí tọ́tà náà. "Kúùkù, kéèkì rẹ tún ti wó."

Bàbá Àgbà ní, "Mo dúpẹ́."

Ọdún mẹ́sàn-án ni wọ́n tún lò lẹ́yìn náà. Ìgbàgbé dé lóòótọ́, a sì ń sọ ọ́ fún wọn: "Bàbá, fìlà yín wà lórí yín." "Bàbá, iyọ̀ lẹ bù yẹn." Wọ́n á ní, "O ṣeun," wọ́n á ṣe àtúnṣe, ìgbésí ayé á máa lọ. Nígbà tó kù díẹ̀ kí wọ́n lọ, mo wá láti ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́ni pẹ̀lú tọ́tà tí mo fi ọwọ́ mi ṣe. Wọn kò mọ̀ mí mọ́ nígbà yẹn. Mo fi ègé kékeré sí wọn lẹ́nu. Wọ́n jẹ ẹ́, wọ́n mi orí. "Kò sí fúláwà níbẹ̀," ni wọ́n wí.

Mo ní kò sí níbẹ̀. Wọ́n bi mí pé ta ni mí. Mo ní èmi Àjíkẹ́ ni.

"Àjíkẹ́," ni wọ́n wí, wọ́n sì rẹ́rìn-ín músẹ́. "Má jẹ̀ẹ́ kó dé ilé ìdáná. Ó máa ń bu fúláwà sí i."

Ayé ti yí padà. Igi fúrúùtù tó wà ní ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì wa, wọ́n ti gé e kí mọ́tò lè ráyè dúró. Ní Ẹ̀fọ̀n ni mo ti ń rà á báyìí lọ́wọ́ àwọn ọmọ tó ń ṣa á, ọlọ́kadà ló sì ń bá mi gbé e wá. Kòkó tí Ìyá Àgbà ń fi ọ̀sán kan lọ̀, ẹ̀rọ ń lọ̀ ọ́ láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Sítóòfù ló wà níbi tí iyanrìn àti ẹyin iná wà. Àwọn tó ń gbé Àdó ń fóònù sí mi pé àwọn gbọ́ pé mò ń ṣe kéèkì tí kò ní fúláwà, pé dókítà ní kí àwọn má jẹ fúláwà mọ́, mo sì ń ṣe é fún wọn. Àwa tí a ti dàgbà máa ń jókòó ráhùn pé ọmọ ìsinsìnyí kò ní ìtẹríba, pé ohun gbogbo ni wọ́n ń bèèrè, pé wọn kò mọ ìgbà tó yẹ kí ọmọdé panu mọ́. Èmi náà ti ráhùn bẹ́ẹ̀ rí.

Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ Sátidé tó ṣáájú Ìkórè tó kọjá, mo wà nílé ìdáná pẹ̀lú àbíkẹ́yìn mi tó jẹ́ ọmọ ọdún mọ́kànlá. Èmi náà ti di ẹni tó ń wá awò ojú tó wà lórí rẹ̀. Mo po bọ́tà, mo po ẹyin, mo da kòkó àti fúrúùtù sí i, mo na ọwọ́ sí páànù róbótó náà, tí etí rẹ̀ ti tẹ̀ ní ibì kan ṣùgbọ́n tí kò jò. Ọmọ yìí gbé ọwọ́ lé ìbàdí. "Màámi," ó ní, "ẹ gbàgbé fúláwà."

Mo gbé páànù sílẹ̀, mo fà á mọ́ra títí ó fi bẹ̀rẹ̀ sí í bèèrè kí ló ṣẹlẹ̀. Mo sọ fún un pé n kò gbàgbé, pé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe é, n ó sì sọ ìdí rẹ̀ fún un bí ó bá ti wà nínú iná. Lẹ́yìn náà mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ọjọ́ ń bọ̀ tí n ó gbàgbé lóòótọ́, ẹ̀rù rẹ̀ kò sì bà mí, nítorí ọmọ tí yóò sọ ọ́ fún mi ti wà nínú ilé.